Òkèlè Kan ní Sekona

Òkèlè iyán kan ṣoṣo ni bàbá mi jẹ ní Sekona tí ó fi wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, òkèlè yẹn kan náà ni kò sì jẹ́ kí ẹjọ́ ilẹ̀ Bàbá Sùárà parí títí di òní. Mo wà níbẹ̀. Orí itan mi ni abọ́ oúnjẹ tí ìyá mi dì fún un wà, mo gbá a mú bí ọmọ tuntun, àsáró inú rẹ̀ ṣì ń gbóná. Ọdún tí àwọn ológun gbé ìjọba sílẹ̀ fún alágbádá ni. Mo ṣì wà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, bàbá mi sì ni lọ́yà tí gbogbo Ẹdẹ mọ̀ sí Lọ́yà Kì-í-jẹun-níta.

Bí mo bá di ojú báyìí, ìró ilé wa ni mo ń kọ́kọ́ gbọ́ kí n tó rí ojú ẹnikẹ́ni. Ìpè ìrun àsùbáà ni yóò kọ́kọ́ ta sí wa létí, lẹ́yìn náà ni ìgbálẹ̀ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í dún, ṣàà, ṣàà, nítorí iṣẹ́ àwa ọmọdé ni láti gbá àgbàlá kí àlejò tó dé. Korobá á máa gbá ara kànga, àkùkọ á máa ké, ẹ̀rọ ìlọta tí ó wà ní ojúlé kejì á wúkọ́ bí arúgbó kó tó gbéra. Kí ẹ̀kọ tó jinná, àwọn ẹlẹ́jọ́ á ti kún ọ̀dẹ̀dẹ̀. Bàbá mi ní ọ́fíìsì kan lójú ọ̀nà ọjà, pátákó orúkọ rẹ̀ wà níwájú rẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn ará ìlú kò ka ọ́fíìsì yẹn sí. Ilé ni wọ́n ń bá a. Ẹni tí ewúrẹ́ ẹnìkejì jẹ ilá rẹ̀, obìnrin tí ọkọ lé jáde, ọlọ́kadà tí wọ́n gba ọ̀kadà lọ́wọ́ rẹ̀, ìdílé méjì tí ń jà sí ilẹ̀, orí bẹ́ǹṣì kan náà ni gbogbo wọn ń jókòó sí, ọ̀tá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀tá, tí wọ́n jọ ń wo ọwọ́ Ìyá Àgbà bó ṣe ń da àkàrà sínú epo.

Ìyá Àgbà ni ìyá bàbá mi. Kí òfin ìjọba tó de bàbá mi ni òfin tirẹ̀ ti dè é. Nígbà tí bàbá mi parí ẹ̀kọ́ òfin, tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ dúró sí Èkó àti Ìbàdàn, Ẹdẹ ni òun padà sí. Àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í gbé adìẹ àti iṣu wá, wọ́n ń pè é wá jẹun káàkiri ìlú. Ìyá mi, tó jẹ́ ìyàwó tuntun nígbà náà, sọ fún mi bí Ìyá Àgbà ṣe pè é jókòó. “Wọ́n ní, ‘Àkànní, ẹnu rẹ ni ọkọ́ tí o fi ń roko. Àgbẹ̀ wo ló ń fi ọkọ́ rẹ̀ sọ́wọ́ ẹlòmíràn? Ilé ẹni tí o ń gba ẹjọ́ rẹ̀ rò, má jẹun níbẹ̀. Ilé ẹni tí ẹ jọ ń ṣẹjọ́, má jẹun níbẹ̀. Ó di ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ bá parí. Lọ́jọ́ náà, kí o lọ sí ilé ẹni tí o bá jà ní kóòtù, kí o fọ ọwọ́ rẹ, kí o jẹun lójú gbogbo ènìyàn, kí wọ́n lè mọ̀ pé ìjà ti tán.’ Bàbá rẹ kàn dọ̀bálẹ̀ ni. Kò jiyàn.” Bẹ́ẹ̀ ni bàbá mi ṣe é, ó ṣe é títí tó fi di àṣà ìlú. Bí Lọ́yà bá ti fọ ọwọ́ nílé rẹ, ìjà ti tán nìyẹn, ẹnikẹ́ni kò tún gbọdọ̀ hú u síta. Nígbà mìíràn, ìwé ìdájọ́ kò tíì jáde ní kóòtù tí àwọn obìnrin á ti máa sọ ọ́ bọ̀ láti ọjà: “Ṣé ẹ ti gbọ́? Lọ́yà ti jẹun nílé wọn.” Àwọn tó ti ń bá ara wọn yan odì á bẹ̀rẹ̀ sí í kí ara wọn.

Iṣẹ́ tèmi nínú òfin yìí ni abọ́. Abọ́ tánganran funfun ni, etí rẹ̀ jẹ́ búlúù, ìyá mi á bu iyán tàbí àsáró sínú rẹ̀, á dé e, á sì fi gèlè àlòkù dì í kí ooru má bàa jáde. Ọjọ́ tí ilé ìwé bá wà ní ìsinmi, èmi ni mo máa ń gbé e tẹ̀ lé bàbá mi. Èmi náà ni mo ń sá ẹ̀wù dúdú rẹ̀ sórí okùn bó bá ti kóòtù dé, tí òógùn ti mu ún. Ìyá Àgbà kì í jẹ́ kí n sá a sí ìtòsí iná àkàrà. Wọ́n á ní, “Àṣàkẹ́, gbé e jìnnà. Aṣọ tí wọ́n fi ń sọ òótọ́ kò gbọdọ̀ rùn epo.” Mo rò nígbà náà pé gbogbo lọ́yà ayé ni kì í jẹun níta. Ìgbà tí mo dàgbà, tí iṣẹ́ ìròyìn gbé mi dé kóòtù káàkiri, tí mo rí lọ́yà méjì tó ti ń bá ara wọn fa ọ̀rọ̀ ní òwúrọ̀ tí wọ́n jọ ń jẹ ìrẹsì nínú búkà lọ́sàn-án, ó yà mí lẹ́nu bí ẹni pé mo rí ẹni tó fi bàtà wọ mọ́sálásí.

Nínú gbogbo àwọn tó ń jókòó ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa, Bàbá Sùárà ni mo fẹ́ràn jù. Ọ̀rẹ́ bàbá bàbá mi ni, àgbẹ̀ ni, gíga rẹ̀ kò jẹ́ kó lè wọlé láì tẹ orí ba. Ó ní ilẹ̀ kan lójú ọ̀nà Sekona, ọ̀pẹ ló pọ̀ jù níbẹ̀, pèrègún tí bàbá rẹ̀ gbìn sì ni ààlà rẹ̀. Alhaji Bùsàrí, oníṣòwò pákó ní Sekona, ní ilẹ̀ náà jẹ́ ti ìdílé òun láti ibi odò wá títí dé títì. Bàbá mi ló ń gba ẹjọ́ Bàbá Sùárà rò. Bí iṣu bá ti ta, Bàbá Sùárà á gbé díẹ̀ wá fún Ìyá Àgbà, aya ọ̀rẹ́ rẹ̀, Ìyá Àgbà á sì kó o sọ́tọ̀ sí kọ̀rọ̀ kan. Àwa ọmọ lè jẹ ẹ́, bàbá mi kò gbọdọ̀ jẹ ẹ́. Ìkòkò méjì ni wọ́n ń gbé kaná fún iṣu lásán. Bàbá Sùárà fúnra rẹ̀, tó ń fi orúkọ bàbá mi pe Ìyá Àgbà, á máa rẹ́rìn-ín: “Ìyá Gàníyù, ẹ ti sọ iṣu mi di májèlé.” Ìyá Àgbà á ní, “Ẹ ṣe sùúrù. Ọjọ́ tí ẹjọ́ yín bá parí, òun nìkan ni yóò jẹ odidi kan.” Ẹ̀kọ méjì àti àkàrà ni Bàbá Sùárà máa ń jẹ nílé wa, yóò mu omi, yóò ṣe àdúà fún wa, kó tó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ tó bá wá.

Ohun tó gbé bàbá mi dé inú òṣèlú kò ju ìbéèrè kan lọ. Ó ti pàdánù ẹjọ́ obìnrin kan tí wọ́n gba oko rẹ̀ láti fi la ọ̀nà. Adájọ́ sọ fún un pé, “Lọ́yà, àánú obìnrin yìí ń ṣe mí. Ṣùgbọ́n ohun tí òfin wí ni mo lè ṣe.” Bàbá mi dé ilé lọ́jọ́ náà, kò bọ́ ẹ̀wù dúdú, ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì àwọn ẹlẹ́jọ́. Ó ní, “Ta ló ń ṣe òfin gan-an?” Ìgbà tí àwọn àgbà ẹgbẹ́ òṣèlú kan wá bá a pé kó wá ṣojú wa ní Òṣogbo, ó ti ń retí wọn kí wọ́n tó mọ̀ pé àwọn ń bọ̀. Ọ̀kan nínú wọn ní, “Lọ́yà, ẹnu yín dùn ní kóòtù, ṣùgbọ́n kóòtù ò ju yàrá kan lọ. Ẹ wá lo ẹnu yìí fún gbogbo wa.” Gbogbo ilé ń pàtẹ́wọ́. Ìyá Àgbà nìkan ló ń fi síbí yí àkàrà padà, wọn kò wẹ̀yìn. Ìgbà tí àlejò lọ tán ni wọ́n sọ̀rọ̀.

“Àkànní, ẹni tó bá ń wá ìbò, gbogbo ilé ni yóò ti jẹun. Ìwọ ò sì gbọdọ̀ jẹun níta. Báwo lo ṣe fẹ́ ṣe é?”

“Ìyá, omi ni màá máa mu.”

“Wọn ò ní fi omi dìbò fún ọ.”

Ìyá Àgbà rí i ṣáájú gbogbo wa. Ní ìlú wa, ẹni tó bá kọ oúnjẹ rẹ ti sọ ohun tó rò nípa rẹ. Bàbá mi lọ sí abúlé Ara, wọ́n gbé iṣu sísun àti epo síwájú rẹ̀, ó ní inú ń run òun. Ó dé abúlé mìíràn, ó ní òun ń gba ààwẹ̀. Sẹ́míù, akọ̀wé rẹ̀ tó tún ń wa ọkọ̀ rẹ̀, ti darúgbó báyìí, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ìgbà náà ṣì tutù lẹ́nu rẹ̀. Ó sọ fún mi pé, “Àwọn obìnrin á se oúnjẹ láti àárọ̀, wọ́n á kúnlẹ̀ gbé e fún un, òun á sì máa wo ojú ọ̀run. A kì í tíì dé títì tí wọ́n á ti máa pòṣé. Ọkùnrin kan pariwo tẹ̀ lé ọkọ̀ wa pé, ‘Lọ́yà, àwa kì í ṣe oṣó o!’ Mo sọ fún un, mo ní, ‘Sà, a ti pàdánù ibí yìí.’” Àwọn tó ń bá a du ipò náà gbọ́, wọ́n sì sọ ọ́ di ohun ìpolongo. Àwọn ọmọ tí a jọ ń lọ sílé ìwé a máa tò tẹ̀ lé mi lọ́nà, wọ́n á máa pariwo pé, “Kì í jẹ tiwa! Kì í mu tiwa! Ilé tiwa ló fẹ́ sọ̀rọ̀ fún!” Mo bá ọ̀kan jà títí bọ́tìnnì aṣọ mi fi já. Bàbá mi rí i, ó bi mí ohun tó fà á, mo sọ fún un. Kò bá mi wí. Ó kàn ń wo okùn tí ẹ̀wù dúdú rẹ̀ wà lórí rẹ̀.

Ọjọ́ Sekona jẹ́ ọjọ́ Sátidé. Iwájú ilé Alhaji Bùsàrí ni wọ́n kó àga sí, nítorí kò sí ibòmíràn ní agbègbè náà tí ó gba èrò tó bẹ́ẹ̀. Pákó tó tò jọ ń rùn yí wa ká, òórùn igi tútù. Mo jókòó sẹ́yìn bàbá mi, abọ́ wà lórí itan mi. Bàbá mi sọ̀rọ̀ dáadáa lọ́jọ́ náà: ó sọ̀rọ̀ nípa ọ̀nà, ó sọ̀rọ̀ nípa olùkọ́ tí kò tó, ó sọ̀rọ̀ nípa obìnrin tí wọ́n gba oko rẹ̀. Wọ́n pàtẹ́wọ́, ṣùgbọ́n ojú wọn ń wo ẹnu ọ̀nà. Lẹ́yìn náà ni ìyàwó Alhaji gbé iyán jáde. Iyán náà funfun, ó ń tú èéfín, ọbẹ̀ ẹ̀gúsí pọ́n lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Alhaji dìde. Ènìyàn kúkúrú ni, ohùn rẹ̀ sì rọra.

“Lọ́yà, ẹ káàbọ̀ sílé wa. A mọ̀ pé ẹ kì í jẹun níta. A tún mọ̀ pé èmi àti ẹ̀yin jọ ń fa nǹkan ní kóòtù. Mi ò fẹ́ sọ̀rọ̀ kóòtù lónìí. Àlejò wa lẹ jẹ́. Gbogbo Sekona ló jókòó yìí, wọ́n ní ká bá àwọn bi yín: ṣé ọmọ ènìyàn làwa náà lójú yín? Òkèlè kan péré, Lọ́yà. Ẹ kúkú má jẹ kejì.”

Sẹ́míù tẹ̀ba sí etí bàbá mi. Mo gbọ́ ọ: “Sà, ẹ má jẹ ẹ́.” Bàbá mi ní, “Wọ́n ń wò wá.” Ó bojú wẹ̀yìn. Ó wo abọ́ tó wà lórí itan mi, ó wo ojú mi. Títí di òní, n kò mọ ohun tó ń wá lójú mi. Ọmọdé ni mí, ebi ń pa mí, iyán náà sì ń ta sánsán. Ó fọ ọwọ́. Ó já òkèlè kan, ó fi kan ọbẹ̀, ó gbé e mì. Ariwo tó sọ níbẹ̀ lé àwọn ẹyẹ kúrò lórí igi. Àwọn obìnrin hó yèè, àwọn ọkùnrin dìde, ẹnìkan gbé fìlà jù sókè. Alhaji Bùsàrí nìkan ni kò pariwo. Ó jókòó, ó sì rọra fi ọwọ́ nu ẹnu bí ẹni pé òun gan-an ló jẹun.

Nígbà tí a délé, Ìyá Àgbà gba abọ́ lọ́wọ́ mi. Wọ́n tú gèlè, wọ́n ṣí ìdérí, wọ́n rí àsáró tí ẹnikẹ́ni kò fọwọ́ kàn. Wọ́n dé e padà. Wọ́n ní, “Ta ni a bá ṣẹjọ́ ní Sekona?” Ìyá mi ní, “Ìyá, oúnjẹ ìpolongo lásán ni.” Ìyá Àgbà wò ó. Wọ́n ní, “Ṣé ẹ ti sọ fún ìlú pé oúnjẹ pín sí méjì?”

Ìlú kò mọ̀ pé oúnjẹ pín sí méjì. Ohun tí bàbá mi ti fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ́ wọn ni wọ́n mọ̀. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, àwọn ọmọ Alhaji Bùsàrí ti kó àdá àti ẹ̀rọ ìgégi wọ ilẹ̀ náà, wọ́n hú pèrègún ààlà, wọ́n sì wó àwọn ọ̀pẹ tó wà lápá títì. Àwọn ará oko tó yẹ kó dí wọn lọ́nà dúró, wọ́n ń wò wọ́n. Kò sí ẹni tó janpata. “Lọ́yà ti jẹun nílé wọn,” ni ohun tí wọ́n ń sọ fún ara wọn. Bàbá Sùárà nìkan ni kò gbọ́, nítorí ara rẹ̀ kò yá lọ́sẹ̀ náà. Ọmọ rẹ̀ obìnrin, Sídí, ló lọ sóko lọ bá igi nílẹ̀.

Bàbá Sùárà wá sílé wa ní òwúrọ̀ kan. Mo ń gbá àgbàlá lọ́wọ́ nígbà tí mo rí i tó tẹ orí ba wọlé, tí pèrègún kan wà lọ́wọ́ rẹ̀, gbòǹgbò rẹ̀ ṣì ní erùpẹ̀ lára. Ó fi pèrègún náà ti ara ògiri. Àwọn ẹlẹ́jọ́ tó wà lórí bẹ́ǹṣì sún fún un, ṣùgbọ́n kò jókòó. Bàbá mi jáde, ó dọ̀bálẹ̀.

“Gàníyù, ṣé lóòótọ́ ni pé o jẹun?”

“Bàbá, ìpolongo la lọ ṣe. Èrò pọ̀, wọ́n—”

“Ọ̀rọ̀ kan ni mo bi ọ́.”

“Mo jẹ ẹ́, sà.”

Bàbá Sùárà ní, “Ẹjọ́ wa ti parí nìyẹn?”

“Kò parí, Bàbá. Iwájú adájọ́ ni ẹjọ́ ti ń parí.”

“Ní kóòtù nìyẹn. Ní ìlú ńkọ́?”

Bàbá mi, tí wọ́n ń sọ pé ẹnu rẹ̀ dùn, tẹjú mọ́ pèrègún tó wà lára ògiri. Ìyá Àgbà bu àkàrà, wọ́n gbé ẹ̀kọ méjì lé e, wọ́n fi ọwọ́ ara wọn gbé e fún àlejò, èyí tí wọn kì í ṣe fún ẹnikẹ́ni. Bàbá Sùárà gba abọ́ náà pẹ̀lú ọ̀wọ̀, ó gbé e kalẹ̀ sórí bẹ́ǹṣì. “Ìyá Gàníyù, ẹ má bínú sí mi. Ẹ̀yin lẹ dá òfin yìí, òfin tó dáa ni. Títí ẹjọ́ yìí á fi parí, n ò ní jẹun nílé yìí mọ́.” Ó yí padà, ó tẹ orí ba, ó jáde. Ìyá Àgbà kò din àkàrà mọ́ lọ́jọ́ náà. Àwọn ẹlẹ́jọ́ yòókù dìde ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, wọ́n sì lọ láì sọ ohun tí wọ́n bá wá.

Bàbá mi wọlé ìbò. Àpótí Sekona ló gbé e borí. Láti ọjọ́ náà ni ìró ilé wa ti yí padà. Ìkòkò ńlá mẹ́rin ló wà lórí iná láti òwúrọ̀, èmi àti àwọn ẹ̀gbọ́n mi kò ṣe nǹkan kan ju kí a máa fọ abọ́ lọ. Àwọn tí n kò rí rí ń sùn sórí bẹ́ǹṣì àwọn ẹlẹ́jọ́, wọ́n ń pe bàbá mi ní “Ọlọ́lá.” Òun náà wá ń jẹun níbi gbogbo, ní Òṣogbo, ní ilé àwọn olóyè, ní ibi ìsọmọlórúkọ àwọn tí kò mọ̀. Ilé nìkan ni kì í jẹun mọ́. Ìyá mi fi abọ́ tánganran náà kọ́ sára ògiri ilé ìdáná, eruku sì bò ó. Wọ́n ká ẹ̀wù dúdú sínú àpótí, wọ́n fi káńfò tí ń lé kòkòrò sí i. Ẹnikẹ́ni kò sọ fún mi pé kí n lọ sá a mọ́.

Ó fa ẹjọ́ Bàbá Sùárà lé lọ́yà mìíràn lọ́wọ́, nítorí aṣòfin kò lè máa jà ní kóòtù. Lọ́yà náà ṣiṣẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn àgbà tó mọ ààlà náà, tí wọ́n ti sọ pé àwọn yóò jẹ́rìí, kò yọjú mọ́. Ọ̀kan nínú wọn sọ fún bàbá mi lójú pé, “Ọlọ́lá, ẹ̀yin lẹ kọ́ wa. Ẹ ní bí ẹ bá ti jẹun, ìjà ti tán. Ṣé kí n wá dúró níwájú adájọ́ kí n máa da ìjà tó ti tán rú ni?” Bàbá mi padà lọ sí Sekona, ó dúró níwájú ilé kan náà, ó kéde pé oúnjẹ tí òun jẹ kò ní nǹkan ṣe pẹ̀lú ẹjọ́. Sẹ́míù wà níbẹ̀. Ó ní Alhaji Bùsàrí tẹ́tí sí i títí ó fi parí, ó wá bi í pé, “Ṣé ẹ fẹ́ pọ̀ ọ́ jáde ni?” Ẹ̀rín ni gbogbo èrò fi dáhùn.

N kò ní sọ pé aṣòfin búburú ni. Mo ti kọ ìròyìn nípa èyí tó burú jù ú lọ. Wọ́n kọ́ afárá sí ọ̀nà tí àgbàrá máa ń gé, àwọn ilé ìwé kan rí olùkọ́, ó sì gbé àbá òfin kan wá síwájú ilé pé kí ẹnikẹ́ni má fi àdá kan ilẹ̀ tí ẹjọ́ wà lórí rẹ̀ títí ìdájọ́ fi jáde. Àwọn tó wà níbẹ̀ sọ pé kò tíì sọ̀rọ̀ dùn tó bẹ́ẹ̀ rí. Wọ́n yìn ín, wọ́n gbé àbá náà fún ìgbìmọ̀ kékeré kan, ibẹ̀ ló sì wà títí sáà wọn fi parí. Ó lo sáà kejì, ó gbé àbá náà wá lẹ́ẹ̀kan sí i, wọ́n tún yìn ín. Ìgbà kẹta, ìlú kò dìbò fún un mọ́. Ó padà sí ọ́fíìsì ojú ọ̀nà ọjà, ó ní kí ìyá mi bá òun sọ abọ́ kalẹ̀ lára ògiri, ó sì tún bẹ̀rẹ̀ sí í kọ oúnjẹ níta. Ṣùgbọ́n ẹnikẹ́ni kò pè é ní Kì-í-jẹun-níta mọ́, ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa kò sì kún bíi ti tẹ́lẹ̀. Ìyá Àgbà ti kú nígbà náà. Mo máa ń rò ó pé bí wọ́n bá dá òfin fún ọmọ wọn pé kó jẹun níbi gbogbo bí ọmọ ènìyàn, òkèlè kan kì bá tí wúwo tó bẹ́ẹ̀. Ìgbà mìíràn mo ń rò ó pé òfin náà ló sọ ọ́ di ẹni tí wọ́n ń wá dìbò fún. N kò tíì mọ èyí tó jẹ́ òótọ́.

Kò sí ọdún Iléyá tí bàbá mi kò fi ẹran ránṣẹ́ sí Bàbá Sùárà, Bàbá Sùárà á gba ẹran náà, á fi tọrẹ fún aládùúgbò, á sì fi àdúà ránṣẹ́ padà. Bí wọ́n bá pàdé ní mọ́sálásí, wọ́n á kí ara wọn dáadáa. Kò jẹun nílé wa títí ó fi kú. Níbi àdúà ọjọ́ kẹjọ rẹ̀, wọ́n pín oúnjẹ sàárà yípo. Sídí gbé tiwa wá fúnra rẹ̀. Bàbá mi fi ọwọ́ méjèèjì bo abọ́ náà. Ó ní, “Sídí, ẹjọ́ bàbá yín kò tíì parí.” Sídí kúnlẹ̀ síbẹ̀, kò dìde. Ó ní, “Lọ́yà, bàbá mi ò bínú sí yín o. Wọ́n kàn ń dúró ni.”

Ẹjọ́ náà ṣì ń dúró títí di ọdún yìí. Kóòtù àkọ́kọ́ dá ìdílé Alhaji láre, kóòtù kò-tẹ́-mi-lọ́rùn sì ní kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ níwájú adájọ́ mìíràn. Alhaji Bùsàrí náà ti lọ, ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ló ń jókòó sí àyè rẹ̀. Ìṣojú mi ni Sídí ṣe wá sílé wa, tó ní kí bàbá mi wá jẹ́rìí. Ìyá mi ní ara bàbá mi kò lè gbà á. Bàbá mi ní kí n lọ gbé ẹ̀wù dúdú wá, ó wò ó, ó fi ọwọ́ pa á lára, ó sì ní kí n dá a padà. Aṣọ funfun ló wọ̀ lọ. Mo di apá rẹ̀ mú títí dé àpótí ẹlẹ́rìí. Wọ́n bi í èdè tó fẹ́ fi sọ̀rọ̀, ó ní Yorùbá, nítorí Yorùbá ni wọ́n fi bẹ òun kí òun jẹ iyán náà. Lọ́yà ọmọ Alhaji, ọmọdékùnrin kan tó lè jẹ́ ọmọ-ọmọ rẹ̀, dìde sí i.

“Bàbá, ṣé àṣà yín ni pé bí ẹ bá jẹun nílé olùjẹ́jọ́, ìjà ti parí?”

“Àṣà mi ni.”

“Ṣé ẹ jẹun nílé Alhaji Bùsàrí?”

“Mo jẹ òkèlè kan.”

“Kí ni kí kóòtù wá pe òkèlè yẹn?”

Bàbá mi di igi àpótí náà mú. Adájọ́, obìnrin kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, gbé ojú sókè, ó ní, “Ẹ máa fara balẹ̀, Bàbá. Ṣé ebi ló ń pa yín lọ́jọ́ náà ni?”

“Rárá, mà. Ọmọ mi tó dúró yẹn gbé oúnjẹ mi dání. Ebi kò pa mí. Ìbò ni mo ń wá. Ilẹ̀ náà kì í ṣe tèmi tí mo fi lè fi í tọrọ ìbò, Bàbá Sùárà kò sì rán mi. Ìjà kò tán lọ́jọ́ náà. Èmi ni mo jẹ́ kí ìlú rò pé ó tán.”

Sídí, tó jókòó síwájú, fi ìbòrí rẹ̀ bo ojú. Ọmọ Alhaji ń wo ilẹ̀. Adájọ́ kọ ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀, ó kọ ọ́ pẹ́, a sì ń gbọ́ bí bírò rẹ̀ ṣe ń ha lórí ìwé.

Akọ̀wé kóòtù ló sọ fún wa ohun tó kàn, ní ẹnu ọ̀nà, kí a tó túká. Ó ní bí kóòtù bá ti ìsinmi dé, adájọ́ fúnra rẹ̀ yóò lọ sí ojú ọ̀nà Sekona, yóò fi ẹsẹ̀ rìn yí ilẹ̀ náà ká, kí ìdílé méjèèjì mú ẹni tó bá mọ ibi tí pèrègún wà tẹ́lẹ̀ wá. Ẹ̀yìn ìyẹn ni wọn yóò dá ọjọ́ tí ìdájọ́ yóò jáde. Ó ti ń padà sínú ilé kó tó rántí nǹkan kan. Ó wo Sídí, ó wo ọmọ Alhaji, ó sì wo bàbá mi tó fara ti èjìká mi.

“Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin ìdílé méjèèjì. Ọjọ́ tí a bá ń bọ̀, kí ẹnikẹ́ni má se oúnjẹ dè wá. Omi tí a máa mu gan-an, àwa la máa gbé e wá.”